Imọ̀ Ọ̀pẹ Ojú Ọ̀nà Odò

Ọ̀rọ̀ rere ní í yọ obì lápò, ọ̀rọ̀ búburú ní í yọ ọfà lápó. Èjìká ọdẹ kan ṣoṣo sì ni àpò àti apó jọ ń gbé.

Kànga gbẹ ní abúlé obìnrin kan tó ń jẹ́ Àṣàbí, wọ́n sì rán an lọ tọrọ omi lọ́wọ́ àwọn ará Òkè-Odò tí wọ́n ti bá jà rí. Ó mọ̀ pé ẹni tó ń wá àlàáfíà a máa mú ewé tútù dání, kí wọ́n lè mọ̀ pé inú rẹ̀ tutù. Ṣùgbọ́n ọ̀dá ti jó gbogbo ewé, àfi imọ̀ ọ̀pẹ kan tí wọ́n so mọ́ ojú ọ̀nà odò. Ó tú u, ó gbé e dání, ó ń yan lọ.

Ọdẹ tó ń ṣọ́ odò jágbe mọ́ ọn: "Ìwọ obìnrin yìí! Imọ̀ tí a fi dínà fún yín lo tú yẹn?" Ọwọ́ rẹ̀ ti wọnú apó.

Àṣàbí kúnlẹ̀. "Ẹ jọ̀ọ́, baba ọdẹ. Mo wá ewé àlàáfíà títí, èyí nìkan ló tutù. Ẹrù yín ni mo jí, kí n lè fi bẹ̀ yín."

Ọdẹ bú sẹ́rìn-ín. "Ẹ wo olè tó jí ewúrẹ́ mi, tó tún fà á wá ta mí lọ́rẹ!" Ọwọ́ rẹ̀ kúrò nínú apó, ó bọ́ sínú àpò, ó yọ obì, ó pa á, ó fún un ní awẹ́ kan.

Kí oòrùn tó wọ̀, obìnrin abúlé méjèèjì ti ń fi orin pọnmi. Láti ìgbà náà, imọ̀ ọ̀pẹ kò dínà mọ́ níbẹ̀. Ẹlẹ́bẹ̀ ní ń mú un dání. Amúnúrọ̀ ni wọ́n sọ imọ̀ náà.