Ta Ló Mú Ara Yíyún Wọ̀lú?

Ààlọ́ o!

“Ààlọ̀!”

Àlọ́ mi já pàtì bí àgbálùmọ̀, ó bọ́ sẹ́sẹ̀ Ọ̀bọ. Ara yíyún wọ ìlú àwọn ẹranko. Ọ̀bọ, tí ẹnu rẹ̀ kì í sinmi, gbé ètè lé Ẹtu létí: “Òòrẹ̀ ló da oògùn yíyún sódò. Má sọ pé èmi ni mo sọ ọ́ o!” Ẹtu gbé ètè lé Ehoro létí, Ehoro gbé e lé Ewúrẹ́ létí. Kò pẹ́, gbogbo ìlú ń họra, àfi Òòrẹ̀.

“Ẹ ò rí i? Òun nìkan ni ara ò yún!” Wọ́n gbé igi, wọ́n fẹ́ lé e kúrò nílùú. Ẹ gbè é:

Ta ló mú yíyún wá?
*Họra, họra!*
Òòrẹ̀ ni wọ́n ní.
*Họra, họra!*

Òòrẹ̀ ní, “Ẹ̀yin ará, kí ẹ tó lé mi, ibo ló kọ́kọ́ yún yín?”

Ẹtu ní, “Etí.”

Ehoro ní, “Etí.”

Ewúrẹ́ ní, “Háà! Etí tèmi náà ni!”

“Ọ̀bọ ńkọ́?”

Ọ̀bọ fọwọ́ bo ẹnu. Ètè rẹ̀ ti wú bí àkàrà.

Òòrẹ̀ bú sẹ́rìn-ín. “Èmi ẹlẹ́gùn-ún lára yìí, ta ló jẹ́ gbé ètè lé mi létí?”

Wọ́n ju igi nù, wọ́n rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi gbàgbé àtihọra.

Ibi tí mo bá a dé nìyẹn. Ṣùgbọ́n ìwọ Àwẹ̀ró, kí lò ń sọ sí Ládípọ̀ létí yẹn? Ẹ sún sẹ́yìn o, Ládípọ̀ ti ń họra!