Ewé Ìyá Ìgalà

"Àlọ́ mi dé o, ó ti rẹ̀ ẹ́!"
"Àlọ̀ o! Kó wá jókòó sọ́dọ̀ wa!"

Ẹ̀yin ọmọ, ẹ yé jà lórí ẹní, ó ti rẹ èmi náà. Erin àti Ẹfọ̀n, tọmọtọmọ, ń bára wọn jà nítorí odò kan. Bẹ́ẹ̀ odò náà tó gbogbo wọn mu.

Àwọn ẹranko yòókù rán Ayékòótọ́ kó lọ parí ìjà. Ó sọ̀rọ̀ títí, ó fi èébú kan há a láàárín, ìjà tún le sí i. Wọ́n rán Ajá. Bó ṣe lanu ni eyín rẹ̀ yọ, ni wọ́n bá tún kọlu ara wọn. Ọjọ́ náà ni wọ́n tẹ ọmọ Ìgalà pa.

Ẹnìkẹta, kò sẹ́ni tó rán an. Ìyá Ìgalà já ewé tútù, ó gba àárín ogun kọjá, ó ń kọrin. Ẹ bá mi gbè é:

Ọmọ mi sùn sójú ọ̀nà,
— Ewé o, ewé!
N ò béèrè ẹni tó jàre,
— Ewé o, ewé!
Mo fẹ́ bo ọmọ mi ni,
— Ewé o, ewé!

Erin dúró. Òkú ọmọ tiẹ̀ náà tó kú nínú ìjà wà nílẹ̀, kò sẹ́ni tó bò ó. Ó lọ já ewé. Ẹfọ̀n náà lọ já ewé fún òkú tiẹ̀. Nígbà tí wọ́n bo òkú tán, kò sẹ́ni tó lágbára ìjà mọ́.

Láti ọjọ́ náà ni ẹni tí kò fẹ́ ìjà ti ń na ewé tútù sókè. Ẹ má bi í pé ta ló jàre. Òkú tó ti sin ti tó.

Àlọ́ mi jókòó síbí. Ẹ sún fún ara yín lórí ẹní, kí èmi náà ráyè jókòó.