Òṣèré Tó Ń Dúró De Ẹ̀rín

Obìnrin kan wà tó jẹ́ òṣèré. Láti ìgbà ọ̀dọ́ rẹ̀ ló ti ń bá ẹgbẹ́ òṣèré orí ìtàgé kan rìn láti ìlú dé ìlú. Ijó ni wọ́n kọ́kọ́ ní kó máa jó. Lẹ́yìn náà ó ṣe ìránṣẹ́bìnrin, ó ṣe olorì, ó ṣe abiyamọ tó ń sunkún. Ṣùgbọ́n ipa ìyálé ẹlẹ́nu mímú ló sọ ọ́ di gbajúmọ̀. Bó bá lọ ra nǹkan, àwọn ènìyàn á máa pè é: "Ìyálé! Ta lẹ tún fẹ́ bú lónìí?" Òun náà á dáhùn pé, "Ẹni tó bá kọ́kọ́ fowó lé ọjà ni."

Nínú eré náà, ọkọ rẹ̀ mú ìyàwó tuntun wọlé. Ìyálé á kúnlẹ̀ jẹ́jẹ́, á ní: "Ẹ káàbọ̀, baálé mi. Òrùlé yàrá mi ń jò, ẹ ò tíì rí i tún ṣe. Ẹ wá mú ẹnì kejì wá, kí òjò má baà máa pa èmi nìkan."

Bó bá ti sọ ọ́ tán, á gbójú sókè wo àjà, á sì dákẹ́. Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀gá ẹgbẹ́ kọ́ wọn, pé ẹni tó bá ń sọ̀rọ̀ nígbà tí èrò ń rẹ́rìn-ín ń fi ọ̀rọ̀ ṣòfò. Á máa wòkè títí ẹ̀rín á fi rọlẹ̀, kó tó máa bá ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ.

Nígbà tó yá, ẹgbẹ́ náà túká. Olùdarí fíìmù kan wá ránṣẹ́ pè é pé kó wá ṣe ìyálé yẹn níwájú kámẹ́rà. Inú rẹ̀ dùn. Ó mọ̀ pé bí èyí bá bọ́ mọ́ òun lọ́wọ́, kò sí ẹni tí yóò tún pe òun síbi iṣẹ́ mọ́.

Ọjọ́ iṣẹ́ pé. Ó kúnlẹ̀, ó sọ ọ̀rọ̀ òjò, ó gbójú sókè, ó dúró. Ibẹ̀ pa rọ́rọ́.

"Ó tó!" ni olùdarí pariwo. "Màmá, kí lẹ ń wá ní àjà?"

"Mò ń dúró de ẹ̀rín ni."

"Ẹ̀rín kẹ̀? Ẹni tó bá rẹ́rìn-ín níbí, ohùn rẹ̀ á wọ inú fíìmù. Ẹ ṣáà máa sọ̀rọ̀ yín lọ."

Wọ́n tún un ṣe. Òṣèré náà kò gbọ́ nǹkan kan. Ó rò pé òun kò pa ènìyàn lẹ́rìn-ín mọ́. Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í ranjú, ó ń pariwo, ó ń ju apá síhìn-ín sọ́hùn-ún. Síbẹ̀, kò sí ẹ̀rín. Ó gbọ́ tí olùdarí rọra ń sọ fún ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ pé, "Ó dà bíi pé ká wá ẹlòmíràn."

"Ọ̀gá," ni obìnrin náà wí, "ẹ jẹ́ kí n tún un ṣe lẹ́ẹ̀kan sí i."

Obìnrin tó ń fi àtíkè kun ojú àwọn òṣèré wá nu òógùn rẹ̀. Òṣèré náà rí i pé etí ìborùn onítọ̀hún tutù, àpá eyín sì wà lára rẹ̀.

"Kí ló ṣe ìborùn rẹ?"

"Ẹ má bínú, Màmá. Ọ̀rọ̀ òjò yẹn ni. Ẹnu ni mò ń ki ìborùn bọ̀, kí ọ̀gá má baà lé mi."

Òṣèré náà wo àyíká. Ọkùnrin tó gbé iná dání ti kọjú sí ògiri, èjìká rẹ̀ ń mì. Ara òṣèré náà wá balẹ̀. Ó kúnlẹ̀, ó sọ ọ̀rọ̀ náà pẹ̀lú ohùn jẹ́jẹ́, kò wòkè, ó sì sọ ìyókù tán. Olùdarí gbàgbé láti ké "ó tó," nítorí ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì ló fi bo ẹnu.

Láti ọjọ́ náà, ó ṣe fíìmù púpọ̀. Ó ṣe eré orí rédíò pẹ̀lú, nínú yàrá tí wọ́n tì pa, níbi tí kò ti rí ojú olùgbọ́ kankan. Kò tún dúró de ẹ̀rín mọ́.

Bákan náà ni ẹ̀yin tí ẹ ń tọ́ ọmọ, tí ẹ ń kọ́ni, tí ẹ ń tọ́jú aláìsàn. Ẹ ń ṣe rere, ẹ ń dúró, ẹ ò gbọ́ kí ẹnikẹ́ni yìn yín, ẹ sì ń rò pé iṣẹ́ yín kò dé ibì kankan. Ẹ wo etí ìborùn àwọn tó wà nítòsí yín. Ẹ má wo àjà mọ́. Ọ̀rọ̀ yín ṣì kù. Ẹ sọ ọ́ tán.