Omi Àwẹ̀ró: Ìdí Tí Àgbọn Fi Ní Ojú Mẹ́ta

Nígbà láéláé, igi àgbọn kì í tẹ̀. Ó máa ń nàró ṣánṣán létí òkun ni, bí ọmọge tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dirun. Èso rẹ̀ kò ní ojú kankan, inú rẹ̀ gbẹ táútáú, bó bá sì bọ́ sómi, ìsàlẹ̀ ló ń lọ tààrà. Ẹ má bi mí bí igi ṣe ń sọ̀rọ̀ nígbà náà. Gbogbo nǹkan ló ń sọ̀rọ̀, Akàn ló sì ń sọ jù.

Òkèyanrìn lorúkọ ìlú tí Àgbọn wà. Abẹ́ rẹ̀ gan-an ni Ìyá Àwẹ̀ró ti ń se iyọ̀. Á bu omi òkun sínú ìkòkò, á dáná sí i, omi á gbẹ, iyọ̀ á sì kù sílẹ̀ funfun báláú. Àwọn ará òkè á gbé iṣu àti epo wá, wọ́n á fi gba iyọ̀, kálukú á sì lọ sílé rẹ̀ tẹ̀ríntẹ̀rín.

Àmù omi tútù kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ààrò náà. Àṣà Òkèyanrìn ni pé ẹnikẹ́ni kì í bi àlejò léèrè ibi tó ti wá, àfi tó bá mumi tán. Àwẹ̀ró, ọmọ kan ṣoṣo tí ìyá náà bí, ló ń pọnmi sínú àmù. Tí àmù bá kún, á da èyí tó ṣẹ́ kù nínú akèrègbè sí ìdí Àgbọn.

"Ẹ mu tiyín, ẹ̀gbọ́n mi gíga," ni yóò wí. Àgbọn fẹ́ràn ọmọ náà dénú.

Nítorí pé ó ga, Àgbọn ló ń ṣọ́nà fún ìlú. Bó bá rí ọkọ̀ lókèèrè, á mi imọ̀ rẹ̀, wọ́n á sì mọ̀ pé àlejò ń bọ̀. Bó ṣe mì í nìyẹn lọ́jọ́ tí ọkọ̀ òyìnbó kọ́kọ́ yọ. Àwọn òyìnbó kó aṣọ, dígí àti ìlẹ̀kẹ̀ wá, wọ́n gba ata àti eyín erin. Wọ́n mumi nínú àmù. Ọ̀kan nínú wọn tiẹ̀ fọwọ́ pa Àgbọn lára, ó ní òun kò rí igi tó dúró dáadáa tó báyìí rí. Orí Àgbọn wú.

"Bí wọ́n bá tún dé, n ó mi imọ̀ mi ju báyìí lọ," ó wí fún Akàn.

"Ìwọ ṣáà máa mì í," ni Akàn dá a lóhùn. "Èmi ti gbẹ́ ihò mi jìn sí i. Mo yọjú wo ìsàlẹ̀ ọkọ̀ yẹn. Àyè ibẹ̀ ti pọ̀ jù fún ata."

Nígbà kẹta tí wọ́n dé, wọn kò béèrè ata mọ́. Ènìyàn ni wọ́n ń fẹ́. Wọ́n mumi tán, wọ́n sì kó ìbọn síwájú Baálẹ̀. Baálẹ̀ rántí ìlú tí òun ń bá jà, ó sì gbà á. Ojú ń tì mí láti sọ ọ́, ṣùgbọ́n bó ṣe rí nìyẹn. Àwọn ará ìlú kọ́kọ́ ta àwọn tí wọ́n kó lógun. Nígbà tí ìyẹn tán, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í jí ọmọ ara wọn gbé.

Ọ̀nà odò ni wọ́n ti mú Àwẹ̀ró, pẹ̀lú akèrègbè lórí.

Ọ̀sán gangan ni wọ́n kó wọn gba abẹ́ Àgbọn kọjá lọ sínú ọkọ̀, ẹ̀wọ̀n lọ́rùn. Àwọn ẹ̀ṣọ́ ti fọ́ àmù, wọ́n sì ti ti Ìyá Àwẹ̀ró ṣubú sídìí ààrò. Ọmọ náà gbójú sókè. Ètè rẹ̀ ti bó.

"Ẹ̀gbọ́n mi gíga," ó ní, "ẹ fún mi lómi."

Àgbọn já èso kan sílẹ̀. Èso náà bọ́ síwájú ẹsẹ̀ rẹ̀, ó là, inú rẹ̀ sì gbẹ. Wọ́n fa ẹ̀wọ̀n, Àwẹ̀ró sì lọ.

Ọ̀rọ̀ náà dun Àgbọn wọ egungun. Òun ló mi imọ̀ pe àwọn àlejò wọ̀nyí. Omi ọmọ yẹn ló sì fi ga, kò wá rí ẹ̀kán kan dá padà fún un. Ó bẹ Òkun.

"Ẹ jọ̀wọ́, ẹ jẹ́ kí èso mi gbé omi tẹ̀lé e."

"Omi wo?" ni Òkun béèrè. "Èso rẹ ń rì. Kò sì lójú, báwo ni yóò ṣe dá a mọ̀?"

"Ẹ jẹ́ kó léfòó. Ẹ fún un lójú. Ohun tí ẹ bá fẹ́, ẹ gbà á."

"Ẹ̀yìn rẹ tó gún, tí o fi ń ṣe fáàrí, ni mo fẹ́. Wàá máa tẹ̀ba fún mi títí ayé."

Àgbọn kò rò ó lẹ́ẹ̀mejì. Ó tẹ̀ba lójú gbogbo ìlú. Akàn yọjú láti inú ihò, ó ní, "Ẹwà ti lọ." Àgbọn dojú kọ iṣẹ́ rẹ̀. Ó ń fa omi nínú yanrìn oníyọ̀ yẹn, ó ń sẹ́ iyọ̀ kúrò nínú rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, títí omi dídùn fi kún inú èso rẹ̀. Ojú mẹ́ta sì là lára èso náà. Ìyá Àwẹ̀ró gbé e, ó wọ inú òkun dé orúnkún.

"Lọ fún ọmọ mi," ó ní. Láti ìgbà náà, èyíkéyìí tó bá já, á jù ú sómi.

Ojú kìíní wo inú ọkọ̀ mìíràn tó ń kọjá lọ. Ó rí àwọn ènìyàn tí wọ́n tò jọ bí igi ìdáná. Kò lè wò ó tán. Ó dí, ó sì le koko.

Ojú kejì wẹ̀yìn wo ilé. Ọdún ti gorí ọdún. Òyìnbó mìíràn dé, ó ní òwò ẹrú ti parí, inú gbogbo ìlú sì dùn. Lẹ́yìn náà ló ri àsíá mọ́lẹ̀. Ó ní òun ló ni etíkun, kí ẹnikẹ́ni má se iyọ̀ mọ́, iyọ̀ inú àpò tí òun kó wá ni kí wọ́n máa rà. Ó ní kí wọ́n fún òun lómi. Ìyá Àwẹ̀ró, tó ti darúgbó, dìde pẹ̀lú ọ̀pá.

"Mo fún àwọn tó ṣáájú rẹ lómi kí n tó bi wọ́n ní nǹkan," ó ní. "Ìwọ, n ó kọ́kọ́ bi ọ́. Ọmọ mi dà?"

Òyìnbó náà kọ̀yìn sí i. Ó ní kí wọ́n wó ààrò rẹ̀. Ojú kejì rí i, òun náà dí, ó sì le koko. Lọ́jọ́ kejì, ìyá arúgbó náà tún ju àgbọn mìíràn sómi. Irú obìnrin bẹ́ẹ̀ wù mí.

Ojú kẹta kọ̀, kò dí. Òun ló tọ́ èso náà sọ́nà dé òdìkejì òkun, níbi tí obìnrin arúgbó kan jókòó sí lẹ́yìn iṣẹ́ oko ìrèké. Láti kékeré ni wọ́n ti ń bi í níbẹ̀ pé níbo ló ti wá. Kò dá ẹnikẹ́ni lóhùn rí.

Ó gbé àgbọn náà. Ó dá a lu, ó gbé e sẹ́nu, ó mu ún tán pátápátá. Ó wá kọjú sí àwọn ọmọ tó yí i ká.

"Mo ti mumi," ó ní. "Àwẹ̀ró lorúkọ mi. Òkèyanrìn ni mo ti wá."

Láti ọjọ́ náà ni igi àgbọn ti ń tẹ̀ba sí òkun, tí omi dídùn sì ń wà nínú èso tó mu yanrìn oníyọ̀ dàgbà. Ẹ bó àgbọn kan wò nílé. Ojú mẹ́ta lẹ ó rí. Méjì le koko. Ọ̀kan yòókù rọ̀, ibẹ̀ ni ewé tuntun sì ń gbà yọ, nítorí pé ó ṣì ń wá àwọn tó kù.