Ilé Ogún Ọdún

"Ogún ọdún ń bọ̀ wá ku ọ̀la," ni ẹ̀gbọ́n bàbá Oyèdélé lóbìnrin wí lọ́jọ́ ìṣílé.

Oyèdélé rẹ́rìn-ín. "Màmá, ìgbà yẹn ṣì jìnnà."

Olùkọ́ ni. Mílíọ̀nù mẹ́fà náírà ló yá ní báńkì láti fi ra ilé náà, ogún ọdún ni yóò sì fi san án. Kó tó fọwọ́ síwèé, iye tí wọn yóò máa yọ lóṣooṣù nìkan ló béèrè. Kò béèrè àpapọ̀ rẹ̀.

Lẹ́yìn ọdún mẹ́jọ, tó ku ọdún márùn-ún kó fẹ̀yìn tì, ó lọ béèrè iye tó ṣẹ́kù lọ́wọ́ báńkì.

"Mílíọ̀nù márùn-ún àti ààbọ̀, sà," ni ọmọbìnrin tó wà nídìí tábìlì wí.

Oyèdélé ní, "Ọmọ mi, mo ti san fẹ́rẹ̀ẹ́ tó mílíọ̀nù mẹ́sàn-án."

"Èlé ló kó èyí tó pọ̀ jù níbẹ̀, sà. Díẹ̀ ló kan ojú owó tẹ́ ẹ yá. Kí ogún ọdún tó pé, ẹ ó ti san mílíọ̀nù méjìlélógún."

"Tí mo bá fẹ̀yìn tì ńkọ́, tí n kò rí i san mọ́?"

Ọmọbìnrin náà wolẹ̀. "Ó wà nínú ìwé tẹ́ ẹ fọwọ́ sí, sà. Báńkì ló máa nilé."

Oyèdélé padà sílé. Ó na ọwọ́ sí ilẹ̀kùn tó fọwọ́ ara rẹ̀ kùn. Ó fa ọwọ́ sẹ́yìn, ó dúró síta bí àlejò, ó ní, "Àgò onílé o."