Ọwọ́ Tó Sá fún Bíbélì

Òfin ìjọba gba ẹlẹ́rìí láyè kó má fi Bíbélì búra. Ibẹ̀ ni Dákónì Ajíbóyè sá sí. Ó mọ̀ dájú pé àbúrò òun ló wa lọ́rì tó pa ọkọ Ìyá Motúnráyọ̀. Ní kóòtù, ó fi ẹnu lásán jẹ́jẹ̀ẹ́ òtítọ́, ó ní, “Kì í ṣe àbúrò mi.” Adájọ́ dá àbúrò rẹ̀ sílẹ̀.

Opó náà kúnlẹ̀ kí i lẹ́nu ọ̀nà kóòtù. “Dákónì wa, amòòkùn-jalè, bí ọba ayé ò rí i, ti ọ̀run ń wò ó.”

Lọ́jọ́ Ìsinmi, wọ́n pè é kó wá ka Bíbélì fún ìjọ. Òógùn bò ó. Ó na ọwọ́ sí Bíbélì, ó tún fà á sẹ́yìn, kò lè ṣí i. Opó náà wà níwájú gan-an.

“Ẹ kà á, sà,” ló wí. “À ń gbọ́.”