Bí Efúntọ́lá Ṣe Di Adúróṣààlà ní Erékùṣù Yanrìnlá

Ẹ̀yin tí ẹ bọ́ bàtà kí ẹ tó tẹ iyanrìn yìí, ẹ fara balẹ̀ kí ẹ gbọ́ ìdí tí ẹ fi bọ́ ọ. Ní ayé ọjọ́un, kí ẹnikẹ́ni tó mọ ohun tó ń jẹ́ ìwé ilẹ̀, nígbà tó jẹ́ pé èéfín ẹja gbígbẹ ni ará òkè odò fi ń mọ̀ pé ènìyàn ń gbé láàrin ọ̀sà, obìnrin kan wà ní Yanrìnlá tí à ń pè ní Efúntọ́lá. Àkọ́bí Ọba Òṣínúbi ni, obìnrin gíga tí kì í yára sọ̀rọ̀, apẹja ọmọ apẹja, ẹni tí ìgbì ń bì lù tí kì í ṣẹ́jú. Nígbà tí bàbá rẹ̀ wàjà, orí àbúrò rẹ̀ ọkùnrin, Odùkálẹ̀, ni adé bọ́ sí, Efúntọ́lá kò sì bá a du nǹkan kan.

Kí Òṣínúbi tó wàjà ni ogun ti lé àwọn ará Ayérò kúrò lórí ilẹ̀ wọn ní òkè odò. Ọkọ̀ mẹ́tàlá ni wọ́n fi gúnlẹ̀ sí erékùṣù wa, Akínsúlírẹ̀ àgbà ló ṣáájú wọn. Ọba mú un lọ sí apá ìsàlẹ̀ erékùṣù, níbi tí kò sí ju ẹ̀gún àti akàn lọ nígbà náà, ó bu erùpẹ̀ sí i lọ́wọ́, ó ní òun fún un, àtòun àtàrọ́mọdọ́mọ rẹ̀. Àwọn mẹ́ta péré ló wà níbẹ̀: ọba, Akínsúlírẹ̀, àti Efúntọ́lá tó ru omi tí wọ́n fi tu ilẹ̀ lójú. Òun náà ló gbin pèrègún sí ààlà.

Ó tó ogójì ọdún lẹ́yìn ìyẹn kí àwọn akónilẹ́rú tó bẹ̀rẹ̀ sí í gba orí ọ̀sà wá. Nínú ẹ̀ẹ̀rùn kan ṣoṣo, ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n wá. Nígbà kejì, ènìyàn mọ́kànlá ni wọ́n kó lọ, Àbíkẹ́, ọmọ kan ṣoṣo tí Efúntọ́lá bí, sì wà nínú wọn.

Odùkálẹ̀ kì í ṣe òǹrorò láti ìbẹ̀rẹ̀, ẹ̀rù ohun tó ń ṣẹlẹ̀ sí ìlú ló bà á. Ó ránṣẹ́ sí ọba Òkèmọ̀, ọba ńlá òkè odò, pé kí ó wá gba òun. Ọba Òkèmọ̀ ní òun yóò fi ogún ọkọ̀ ogun ṣọ́ Yanrìnlá, bí wọ́n bá lè fún òun ní apá ìsàlẹ̀ erékùṣù, nítorí ibẹ̀ nìkan ni omi ti jìn tó fún ọkọ̀ ńlá. Ó kìlọ̀ pé òun kò gba ilẹ̀ tó ní ẹjọ́ nínú, kí ẹni tó mọ ìdí ilẹ̀ náà wá búra lójú àwọn ìránṣẹ́ òun. Akínsúlírẹ̀ ti kú. Òṣínúbi ti wàjà. Ó wá ku Efúntọ́lá.

Ọba fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn lọ bá a níbi tó ti ń tún àwọ̀n ṣe.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni mo fẹ́ gbọ́ lẹ́nu yín. Ẹ sọ pé bàbá wa yá wọn nílẹ̀ náà ni, kì í ṣe fífún."

Efúntọ́lá bi í pé níbo ni àwọn ará Ayérò yóò wá gbà. Ọba ní omi gbòòrò, wọn yóò rí ibòmíràn.

"Ká ní ọkọ̀ ogun ti wà létí omi lọ́jọ́ náà ni," ni Odùkálẹ̀ wí, "ṣé wọn ì bá rí Àbíkẹ́ gbé lọ?"

Efúntọ́lá tún fa àwọ̀n rẹ̀ mọ́ra. Ọjọ́ méjì ni kò fi jẹun, ó ń rò ó pé bí òun bá pe fífún ní yíyá, ó ṣeé ṣe kí ìyá mìíràn má sun irú ẹkún òun mọ́ ní Yanrìnlá. Ó sì tún ń rántí àwọn ìyá Ayérò tí wọ́n gbọ́mọ pọ̀n sọ̀kalẹ̀ nínú ọkọ̀ mẹ́tàlá.

Lọ́jọ́ ìbúra, gbogbo ìlú pé sí ààlà. Ìránṣẹ́ ọba Òkèmọ̀ béèrè pé yíyá ni tàbí fífún. Efúntọ́lá tú gèlè, ó kúnlẹ̀, ó gbé ọwọ́ méjèèjì lé ilẹ̀.

"Fífún ni. Èmi ni mo ru omi tí wọ́n tà sílẹ̀."

Àwọn ìránṣẹ́ padà sínú ọkọ̀ wọn. Ojú Odùkálẹ̀ sì pọ́n, nítorí inú ọba náà máa ń tètè ru.

"Ẹ ti lé àwọn tí yóò ṣọ́ wa lọ," ni ó wí. "Ẹ dúró síbẹ̀ yẹn, kí ẹ máa ṣọ́ ìlú fúnra yín."

Ó pàṣẹ pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fún un lóúnjẹ, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbà á sílé. Efúntọ́lá ní ó dára, Kábíyèsí. Ó dìde dúró lórí òkè iyanrìn tó wà ní ààlà yìí, ó kọjú sí omi. Àwọn ará Ayérò gbé ẹ̀kọ àti ẹja wá fún un, ó ní kí wọ́n gbé e padà, kí ọba má baà rí ohun tí yóò fi mú wọn. Bó ti ń dúró ni ẹsẹ̀ rẹ̀ ń rì díẹ̀díẹ̀, títí iyanrìn fi mù ún dé orúnkún.

Ní àárọ̀ ọjọ́ karùn-ún ó rí ọkọ̀ àwọn akónilẹ́rú lókèèrè. Ó pe Ayérò, ó pe ààfin, ohùn rẹ̀ sì dé ibi tí ohùn ènìyàn kì í dé. Àwọn akónilẹ́rú ti gbọ́ pé ìlú ti pín sí méjì, wọn kò mọ̀ pé tọ̀tún tòsì ni yóò tú jáde pa pọ̀. Nínú omi níbẹ̀ ni ará ìlú ti ṣẹ́gun wọn, kò sì sí ẹni tí wọ́n rí kó lọ.

Nígbà tí wọ́n gun òkè wá láti sọ fún Efúntọ́lá, wọn kò bá a mọ́. Ojú ẹsẹ̀ méjì ni wọ́n bá, ó jìn dé orúnkún, omi kún inú wọn. Wọ́n tọ́ ọ wò, kò níyọ̀. Odùkálẹ̀ ṣí adé, ó kúnlẹ̀, ó pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní Adúróṣààlà, ó sì fẹnu ara rẹ̀ sọ pé ilé ọba ló febi pa á, ilé ọba ni yóò máa bọ́ ọ.

Ìdí nìyí tí a fi ń bọ́ bàtà, tí a kì í sì í sọ pé "yá mi" lórí iyanrìn yìí, tí a kì í sì í sọ fún obìnrin àgbà pé kó dúró. Ìdí nìyí tí a fi ń kọjú sí omi pe Àbíkẹ́ nígbà mẹ́ta, tí a ó sì dákẹ́ díẹ̀ bóyá ẹnìkan yóò jẹ́. Ẹni tó bá ń du ilẹ̀, a ó ní kó ti ẹsẹ̀ bọ omi inú ojú ẹsẹ̀ méjèèjì náà kó tó rojọ́, púpọ̀ nínú wọn ló sì ti yí padà sílé láìrojọ́.

Adúróṣààlà, a-fẹsẹ̀-gbẹ́-kànga, obìnrin tó jẹ́rìí òdodo pẹ̀lú omijé lójú, àwa ọmọ rẹ pé.

Ọba tòní ti ń bọ̀ lọ́nà, ó ru ẹ̀kọ àti ẹja lórí, kò tíì jẹun láti àná. Ẹ yà fún un kó kọjá, ṣùgbọ́n ẹ má dọ̀bálẹ̀. Níbí, òun ló ń kúnlẹ̀.